Ta Ló Ní Kó O Da Sìmẹ́ńtì Sórí Ẹ̀fọ́ Mi?

Dìde níbẹ̀, má dọ̀bálẹ̀ fún mi, ìdọ̀bálẹ̀ ò lè mú ẹ̀fọ́ hù. Ṣé ìwọ, àkọ́bí mi, lo dúró ti àwọn bíríkìlà tí wọ́n fi da sìmẹ́ńtì sórí ebè mi? Mo ní mò ń lọ bá àbúrò mi wẹ ọmọ tuntun, kí n tó dé, o ti sọ ẹ̀yìnkùlé mi di ibùdókọ̀. Tẹ̀tẹ̀ mi ńkọ́? Ilá tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń tanná ńkọ́? O wá gbé mọ́tò lé wọn lórí, o fi kọ́kọ́rọ́ sílẹ̀, o ní ẹ̀bùn ni. Èmi tí mi ò mọ mọ́tò wà, ibo ni kí n gbé e lọ, ṣé ọjà tí n kì í fi bẹ́ẹ̀ ra nǹkan níbẹ̀ ni?

Kí lo wí? Ojú ń tì ẹ́? Ẹ̀n-ẹ́n, ibẹ̀ ni mò ń bọ̀. Torí pé ọ̀gá rẹ níbi iṣẹ́ yà wá, ó bá mi lórí ebè pẹ̀lú ẹsẹ̀ eléruku, ó ní, "Ìyá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi pe onílé." Ó ṣe bí alágbàro ni mí. Èmi rẹ́rìn-ín, mo já ilá fún un. Ìwọ lo lọ ń sunkún fún ìyàwó rẹ pé ìyá ẹ ò rí jẹ. Ta ni ò rí jẹ? Ẹ̀rọ ìránṣọ ni mo fi rán ẹ níléèwé, nígbà tó sì tó, mo ní ó tó, mo gba oko ẹ̀yìnkùlé mi lọ. Mo sọ fún ẹ pé mi ò fẹ́, o gbọ́ ọ sí mi ò ní. Mi ò ní lọ́tọ̀, mi ò fẹ́ lọ́tọ̀, ọmọ mi. Ohun tó wu ni ní í pọ̀ lọ́rọ̀ ẹni. Fìríìjì tó o gbé wá lọ́jọ́sí gan-an, kí ni kí n kó sínú ẹ̀ nígbà tí ọbẹ̀ mi ń hù lẹ́yìn ilé?

Má wò mí bẹ́ẹ̀, inú ń bí mi. Láàárọ̀ yìí, mo jí, mo pọn omi sí garawa bí mo ti máa ń ṣe, mo dé ẹ̀yìnkùlé kí n tó rántí. Mo wá dúró lórí sìmẹ́ńtì bí òmùgọ̀, tèmi ti garawa omi lọ́wọ́. Ó dùn mí wọra.

Látìgbà tí mo ti ń ránṣẹ́ pè ẹ́, o ní ọwọ́ ẹ dí. Ó dáa, ọwọ́ tiwa náà ò dilẹ̀. Àwọn adìyẹ mi tí o gba ilẹ̀ lọ́wọ́ wọn, mo ṣílẹ̀kùn mọ́tò fún wọn. Àgbébọ̀ dúdú yẹn ti yé sórí àga ẹ̀yìn, ó ti sàba. Há há há, wo ojú ẹ! Dúró, má sáré, ẹnìkan kì í lé adìyẹ tó sàba. Títí yóò fi pamọ, mọ́tò yẹn ò ní kúrò níbẹ̀; ìwọ bọ́ ṣẹ́ẹ̀tì yẹn sílẹ̀. Dígà tó o máa fi fọ́ sìmẹ́ńtì yìí wà lẹ́yìn ilẹ̀kùn.