Irun tí Bùnmi Fi Sílẹ̀ Lórí Ọmọ Rẹ̀

Ẹni tó jẹ́ kí n fi ẹsẹ̀ ara mi rìn débí láàárọ̀ yìí, Òun ni mo kọ́kọ́ dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Pásítọ̀, ẹ kú iṣẹ́ Olúwa. Ẹ̀yin ará, mi ò mọ ọ̀rọ̀ í tò, ẹ bá mi fara dà á.

Ẹ mọ Bùnmi ọmọ mi, tó ń kọrin ní kúáyà. Òun ló mú Ìfẹ́olúwa ọmọ rẹ̀ lọ sí Wuse, níbi tí wọ́n ti ń wá àwọn ọmọdé tí yóò ṣe eré tẹlifíṣọ̀n. Wọ́n mú un. Wọ́n ní kó ṣe Tinú, ọmọ tó máa ń gba ìjà ẹgbẹ́ rẹ̀ jà nílé ìwé. Bùnmi fúnra rẹ̀ ló di irun tí Tinú ń gbé kiri: ṣùkú wẹ́wẹ́, ó wá yọ ẹyọ kan sílẹ̀ lẹ́bàá etí òsì.

Eré ti dé ìdajì nígbà tí àìsàn dé. Bùnmi lọ. Ẹ̀gbọ́n mi, Ìyá Dàpọ̀, wá láti Ìlá, ó tú irun ọmọ, bí àwọn ará ilé wa ti ń ṣe tí ọ̀fọ̀ bá ṣẹ̀. Ta ló rántí tẹlifíṣọ̀n lọ́jọ́ náà?

Nígbà tí a padà sẹ́nu iṣẹ́ ní Ushafa, níbi tí wọ́n ti ń ya eré náà, dírẹ́kítọ̀ wọn, Ọ̀gbẹ́ni Emeka, wo orí ọmọ. Ó ní ẹnu ọ̀nà ni Tinú dúró nígbà tí wọ́n yà á kẹ́yìn, kò lè fi irun kan dúró lẹ́nu ọ̀nà kó fi òmíràn wọlé. Sister Blessing tó ń di irun fún wọn wo fọ́tò irun ti tẹ́lẹ̀, ó mú kóòmù. Ìfẹ́olúwa fọwọ́ bo orí. Láti ìgbà tí wọ́n ti sin ìyá rẹ̀, kò sunkún, kò sọ̀rọ̀, kò sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fọwọ́ kan irun òun. Wọ́n bẹ̀ ẹ́ títí. Emeka ní tó bá di Sátidé tí kò gbà, ọmọ mìíràn ni wọ́n á mú.

Èmi ni mo kọ́ Bùnmi ní irun yẹn. Ṣùgbọ́n ẹ mọ ọwọ́ mi, làkúrègbé ti mú un, ife tíì gan-an, ọwọ́ méjèèjì ni mo fi ń gbé e. Màmá Pásítọ̀ wá bá mi nílé, a kúnlẹ̀. Mo ní, Olúwa, O ti gba Bùnmi, mi ò bá Ọ jà. Èyí tó fi sílẹ̀ lórí ọmọ yìí, má jẹ́ kó ṣègbé.

Lọ́jọ́ Jímọ̀, mò ń ṣa ẹ̀wà lẹ́nu ọ̀nà kíṣìnì. Ìfẹ́olúwa mú kóòmù ìyá rẹ̀ wá. Òyìnbó ló kún ẹnu ọmọ yìí, ẹ mọ̀ ọ́n. Ó jókòó sáàárín ẹsẹ̀ mi, ó fi Yorùbá sọ pé, “Màmá, ẹ bá mi di ti Mọ́mì.”

Mo ní, “Ọwọ́ mi ò lágbára mọ́, ìyá mi.”

“Ẹ máa dì í díẹ̀díẹ̀.”

Ẹ̀yin ará, ìka mi ká. Ó dùn mí o, mi ò ní purọ́ nínú ilé Ọlọ́run, ṣùgbọ́n ó ká. Ìgbà tí mo dé etí òsì ni ọmọ bú sẹ́kún. Èmi náà sun ún. Bẹ́ẹ̀ la ṣe dì í parí.

Lọ́jọ́ kejì, Emeka wo inú kámẹ́rà, ó wo orí ọmọ. Ó ní, “Tinú, óyá, wọlé.” Ó sì wọlé. Ẹ̀yin náà wò ó nílé yín. Ní Bwari, Tinú ni wọ́n ń pè é lójú títì. Wọ́n ti mú un fún eré mìíràn báyìí, òun gan-an ni olórí eré. Ọmọ Bùnmi mi ni o!

Ìyá rẹ̀ ni ìbá jẹ́ ẹ̀rí yìí. Mo bá a jẹ́ ẹ, kí ògo lè jẹ́ ti Ọlọ́run. Ìfẹ́olúwa ló jókòó ti Ìyá Dàpọ̀ lọ́hùn-ún yẹn. Dìde, ìyá mi. Yíjú padà, kí wọ́n rí ẹ̀yìn orí rẹ. Àná ni mo dì í. Ẹ wo etí òsì, ẹ bá wa yọ̀.