Ará Ọ̀run Tó Yínmú sí Ẹja Ẹ̀pẹ́

Nínú ọkọ̀ ọ̀sà láti Ìkòròdú sí Ẹ̀pẹ́, nígbà tí àwọn tí ogun lé kúrò l'Ékòó ṣì ń kọ́lé sí Ẹ̀pẹ́, ìyá àgbà kan jókòó kọjú sí ọkùnrin kan tó ń bá eégún alárìnjó kiri.

"Eégún yín tó jáde lọ́jà níjẹta," ni ìyá wí, "àwa ará Èkó ló fi ṣẹ̀sín. Ó gbé ẹja Ẹ̀pẹ́, ó gbóòórùn rẹ̀, ó yínmú. Ó ní, 'Ẹja Èkó kọ́ rèé o!'"

"Ẹ má bínú, ìyá. Gbogbo ọjà ló rẹ́rìn-ín."

"Èmi náà rẹ́rìn-ín, ohun tó ń bí mi nínú gan-an nìyẹn! Ta ló wà lábẹ́ aṣọ yẹn? Ìjẹ̀bú ni, àbí? Kí ló mọ̀ nípa wa?"

"Háà! Ta ní í wà lábẹ́ ẹ̀kú? Ará ọ̀run ni. Atọ́kùn lásán ni èmi."

"Ará ọ̀run wo ló mọ bí a ṣe ń yínmú?"

Ọkùnrin náà wo omi, ó wo àwa èrò ọkọ̀ tó kù. Ẹnu ń yún un, bẹ́ẹ̀ obìnrin kì í mọ awo. Níkẹyìn ó rẹ ohùn sílẹ̀.

"Ará ọ̀run náà, ìyá, Èkó ni wọ́n ti lé e wá."

Ìyá wò ó láti orí dé ẹsẹ̀, ẹ̀rín pa á.

"Ó dáa. Bá mi sọ fún un pé eré rẹ̀ kò tíì parí. Ẹja Ẹ̀pẹ́ tí mo yínmú sí lánàá, mo jẹ ẹ́ tán, mo sì lá ìka. Kó fi ìyẹn náà sí i."