Ayàwòrán Tó Kúrò Lẹ́yìn Àwọn Olórin

Nínú bọ́lẹ́kájà tó ń ti Ìdó bọ̀ ní Ìkọ̀lé ni mo ti gbọ́ ọ̀rọ̀ yìí, láàárín ìyá àgbà kan àti ọ̀dọ́mọkùnrin tó gbé kámẹ́rà kọ́rùn.

"Ọmọ mi, ṣé uṣẹ́ fọ́tò lò ń ṣe?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, ìyá. Àwọn olórin háíláìfù ni mò ń yà n'Íbàdàn tẹ́lẹ̀. Ọkọ̀ wọn ló dànù lọ́nà òde eré. Ọ̀rẹ́ mi tó ń fun fèrè kú síbẹ̀. N kò lè ya olórin mọ́."

"Áà! Ọlọ́run má jẹ̀ẹ́ a rírú ẹ̀ mọ́."

"Àmín. Mo mú fọ́tò rẹ̀ lọ fún ìyá rẹ̀ ní Ìrè, èyí tí ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ̀ wú bó ti ń fun fèrè. Mo rò pé wọ́n á sunkún. Ẹ̀rín ni wọ́n bú sí! Wọ́n ń pe àwọn ará ilé: 'Ẹ wá wo ẹ̀rẹ̀kẹ́ ọmọ mi!' Láti ọjọ́ náà ni mo ti ń lọ láti abúlé dé abúlé, tí mò ń ya àwọn ìyá àtàwọn ọmọ wọn."

Ìyá náà tún gèlè rẹ̀ wé.

"Odò-Orò ni ulé mi. Tá a bá ti sọ̀ n'Íkọ̀lé, jẹ́ ká jọ lọ. Eyín mi ò pé mọ́ o, àmọ́ màá rẹ́rìn-ín."