Ọ̀nà Tí Mo Ní Kò Já

Ẹ̀yin tí ẹ ń ka ọ̀rọ̀ yìí, ẹ jọ̀ọ́, mi ò lè fi orúkọ mi sí i. Tíṣà ni mí ní Adó-Èkìtì. Èmi náà ni mo máa ń ka Bíbélì fún ìjọ wa lọ́jọ́ Ìsinmi, nítorí náà ọ̀pọ̀ èèyàn ló ń fojú èèyàn gidi wò mí. Ohun tí mo fẹ́ sọ yìí, ìyàwó mi kò gbọ́ ọ rí. Ìyá mi náà kò gbọ́ ọ. Bí kì í bá ṣe pé Yèyé Ìbídùn kú ní Ìgbẹmọ lọ́sẹ̀ tó kọjá, bóyá ǹ bá gbé e wọ sàréè lọ.

Wọn kò tíì sin ín. Ìbídùn ọmọ rẹ̀ ló ránṣẹ́ sí mi. Ó ní ìyá òun ti sọ ọ́ kó tó kú pé kí wọ́n wá bá mi, pé èmi ni mo mọ ibi tí bàbá wọn sùn sí létí títì ọlọ́dà, kí n fi hàn wọ́n kí wọ́n lè bu erùpẹ̀ ibẹ̀ díẹ̀ sí sàréè tìyá. Ọjọ́ Sátidé ni wọ́n ń bọ̀. Ó wá ní òun dúpẹ́ lọ́wọ́ mi fún gbogbo oore tí mo ṣe fún ìyá òun. Ọpẹ́ yẹn ló mú mi jókòó kọ ìwé yìí.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fara balẹ̀ kí n sọ bó ṣe bẹ̀rẹ̀.

Ẹ̀yìn Òkè-Ìlá la ń gbé, níbi tí ilé ti fún mọ́ra wọn. Bí ìyàwó ilé kan bá ń gún iyán, ògiri ilé kejì á máa gbọ̀n. Páànù ilé kan gun orí páànù ilé kejì, kànga kan ṣoṣo ni gbogbo wa sì ń fà. Àlejò tó bá dá wọ ibẹ̀ láì lẹ́ni tó ń mú un lọ, inú balùwẹ̀ onílé ló ti máa bá ara rẹ̀. Àwọn tó ń gbé ilé ńláńlá máa ń yínmú bí wọ́n bá gbọ́ orúkọ àdúgbò wa. Àwa kò kà wọ́n sí. A mọ ẹni tó ń húkọ́ nínú yàrá kẹta, a sì mọ irú àgbo tó yẹ ká gbé lọ fún un.

Nígbà ìjọba àwọn ológun, ó ti pẹ́ gan-an báyìí, ọkùnrin kan wá bá mi ní ilé ìwé. Ìjọba ló rán an wá. Mo ti múra láti kórìíra rẹ̀, àmọ́ èèyàn jẹ́jẹ́ ni. Ó ní wọ́n fẹ́ la ọ̀nà mọ́tò gba àdúgbò wa kọjá, láti ibi kànga dé ọ̀nà Adébáyọ̀. A nílò ọ̀nà náà lóòótọ́. Kò tíì pẹ́ nígbà náà tí wọ́n pọn aláboyún kan sẹ́yìn láti inú àdúgbò wa jáde sí títì, tí ẹ̀mí rẹ̀ kò sì dé ọsibítù.

Ọkùnrin yìí ní òun kò fẹ́ ṣe bí àwọn yòókù ti máa ń ṣe, tí wọ́n á kàn gbé katakata dé láàárọ̀ ọjọ́ kan. Ó ní òun àti àwọn ẹlẹgbẹ́ òun fẹ́ fi ẹsẹ̀ rìn ín, kí àwọn kí onílé, kí àwọn rí bí a ṣe ń gbé, kí ọ̀nà lè gba ibi tí kò ní pa èèyàn púpọ̀ lára. Ó ní kí n mú àwọn rìn. Ibi tí ẹsẹ̀ wa bá ti rí ààyè kọjá ni àwọn máa ri èèkàn sí. Ó bẹ̀ mí pé kí n má tíì dárúkọ ọ̀nà fún ẹnikẹ́ni, kí àdúgbò má baà dàrú. Báyìí ló ṣe jẹ́ pé èmi nìkan ni mo mọ ohun tí ìrìn náà wà fún.

Mo lọ láti ilé dé ilé. Ẹ̀rù wolé-wolé ló ń ba àwọn èèyàn wa, mo sì fi dá wọn lójú pé kì í ṣe wolé-wolé. Mo ní àlejò ni wọ́n, pé wọ́n kàn fẹ́ mọ̀ wá. Mo ṣe òfin fún àwọn àlejò náà pẹ̀lú. Wọn kò gbọdọ̀ gbé kámẹ́rà wá. Wọn kò gbọdọ̀ yọjú wo inú yàrá ẹnikẹ́ni. Ẹnu ọ̀nà tí wọ́n bá dé, wọ́n gbọ́dọ̀ dúró kí wọ́n sọ pé, "Àgò onílé o," wọn kò sì gbọdọ̀ gbé ẹsẹ̀ títí onílé á fi dáhùn pé àgò yà.

Wọ́n pa gbogbo rẹ̀ mọ́. Obìnrin kan wà láàárín wọn tó ń kúnlẹ̀ kí gbogbo ìyá àgbà tó bá pàdé, aṣọ rẹ̀ sì kún fún ẹrẹ̀. Àwọn èèyàn wa bẹ̀rẹ̀ sí í gbé àga jáde. Baba kan fún wọn ní obì. Èmi ń yan níwájú, mò ń ṣàlàyé, mò ń túmọ̀, orí mi ń wú. Ẹ má fi mí rẹ́rìn-ín, ẹ jọ̀ọ́. Lọ́jọ́ náà, mo rò pé mi ò tíì ṣe nǹkan tó dára tó bẹ́ẹ̀ rí láyé mi.

A dé ibi kànga. Ọ̀nà pín sí méjì níbẹ̀. Ọwọ́ ọ̀tún ni agboolé wa, ọwọ́ òsì ni ilé Yèyé Ìbídùn. Ojú ọ̀nà ti ọwọ́ ọ̀tún wọ inú ọ̀ọ̀dẹ̀ wa lọ ni. Ẹni tí kò bá mọ̀ á rò pé inú ilé ló parí sí, ṣùgbọ́n ó gba ọ̀ọ̀dẹ̀ kọjá, ó gba ẹ̀gbẹ́ ilé ìdáná àtijọ́ tó ti wó, ó sì já síta lápá kejì. Gbogbo àdúgbò ló ń gba ibẹ̀ lọ sọ́jà. Agboolé wa fẹ̀, yàrá tó ṣófo sì pọ̀ níbẹ̀. Ilé Yèyé kò ju ohun tó lè gba òun àti ẹrù rẹ̀ lọ.

Ọkùnrin tó wá bá mi nílé ìwé, tó jẹ́ ọ̀gá wọn, nawọ́ sí ọ̀tún. Ó bi mí bóyá ibẹ̀ já.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbà mí gbọ́, mi ò gbèrò rẹ̀ sílẹ̀. Mo rí aṣọ ìyá mi lórí okùn. Ẹsẹ̀ ń dùn ún nígbà náà, kò lè dìde. Mo rántí bàbá mi tí a sin sínú yàrá tó kọjú sí ọ̀ọ̀dẹ̀ yẹn. Ẹnu mi sì là.

"Ibẹ̀ ò já, sà."

Yèyé Ìbídùn wà lẹ́nu ọ̀nà rẹ̀, ó ń ṣa ẹ̀wà. Ó gbọ́ mi. Àárọ̀ ọjọ́ yẹn gan-an ló gba ọ̀ọ̀dẹ̀ wa kọjá, tó dúró bá ìyá mi fọwọ́ ra ẹsẹ̀. Ó gbé ojú sókè wò mí, mo sì rí i pé ọ̀rọ̀ wà lẹ́nu rẹ̀. Lẹ́yìn náà ni ojú rẹ̀ rọ̀. Mo mọ ohun tó rò. Ó rò pé mi ò fẹ́ kí àlejò bá ìyá mi nínú àìsàn lórí ẹní ni. Ó sì bá mi bo àṣírí mi.

"Kò já o," ó wí fún wọn. "Ẹ gba ulé mi kọjá, ẹ̀yin ọmọ mi. Mo ti gbálẹ̀."

Ọ̀gá náà ṣí fìlà, ó ní, "Àgò onílé o."

Yèyé ní, "Àgò yà."

Wọ́n sì kọjá. Ó bu omi tútù fún wọn. Obìnrin tí mo sọ yẹn rí sìmẹ́ńtì tó ga sókè nínú yàrá iwájú láti ẹnu ọ̀nà, Yèyé sì sọ fún un pé bàbá Ìbídùn ló sùn síbẹ̀, pé òun máa ń kí i láràárọ̀ kí òun tó gbá ilẹ̀. Gbogbo wọn tẹ orí ba. Èmi náà tẹ orí ba pẹ̀lú wọn.

Kò pẹ́ tí èèkàn fi dé. Wọ́n pe ìpàdé àdúgbò, àwọn àgbà sì béèrè bóyá kò sí ibòmíràn tí ọ̀nà lè gbà. Àwọn tí ìjọba rán wá ní àwọn ti rìn ín, àwọn sì ti wo gbogbo rẹ̀. Àwọn ará àdúgbò rò pé wọ́n ti rí ọ̀ọ̀dẹ̀ wa, pé wọ́n kàn fẹ́ràn apá òsì ni. Kò sì sí ọmọlúàbí tó lè dìde láàárín èèyàn kó nàka sí ilé ẹlòmíràn pé ẹ lọ wó tọ̀hún. Yèyé nìkan ló mọ ohun tí mo sọ níbi kànga. Ó jókòó sí apá ọ̀dọ̀ àwọn obìnrin. Mò ń retí kó sọ̀rọ̀. Kò wò mí rárá, kò sì sọ nǹkan kan títí ìpàdé fi tú.

Ilé ìdáná ni wọ́n gé lára àwọn ilé yòókù. Tirẹ̀ ni wọ́n wó pátápátá. Wọ́n fi ilẹ̀ kan hàn án lẹ́yìn ìlú, igbó ni, Yèyé sì ti dàgbà kọjá ẹni tó ń kọ́lé. Ọ̀dọ̀ Ìbídùn tó wà nílé ọkọ ní Ìgbẹmọ ló kó lọ. Lọ́jọ́ tó ń lọ, mo bá a gbé àpótí dé ìdí mọ́tò. Ibẹ̀ ló ti dì mí lọ́wọ́ mú.

"Tíṣà, mi ò níí bá ọ jà," ó wí. "Èmi ni mo ní kí wọ́n máa bọ̀. Ṣùgbọ́n máa rántí ibi tí bàbá Ìbídùn sùn sí nínú ulẹ̀ yẹn o. Ùgbà tí mo bá lọ, kí o fi han àwọn ọmọ mi."

Mo ní mo gbọ́. Ó yẹ kí n dọ̀bálẹ̀ sínú eruku lọ́jọ́ náà, àmọ́ èrò pọ̀ nídìí mọ́tò, ojú sì ń tì mí.

Ọjọ́ Ìsinmi tó tẹ̀lé e, ìyá mi ní ká ṣe ìdúpẹ́ nítorí pé Ọlọ́run dá ilé wa sí. A jó dé iwájú pẹpẹ. Èmi ni mo ka ẹ̀kọ́ kejì.

Ẹ jẹ́ kí n sọ èyí tó burú jù. Nígbà tí wọ́n da ọ̀dà tán, tí ìyá mi sì ti lè rìn lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì, mo fi okùn wọn ìbú títì náà. Mo wá gbé okùn náà lọ sílé, mo nà án gba ọ̀ọ̀dẹ̀ wa kọjá. Ilé ìdáná tó ti wó ni ọ̀nà ì bá gbé lọ, àti yàrá kan tí a ń kó igi ìdáná sí. Kò ní dé ibi tí bàbá mi sùn sí. Kò ní dé ibi ẹní ìyá mi. Mo jókòó sílẹ̀ nínú ọ̀ọ̀dẹ̀ náà, mo sì sunkún bí ọmọdé.

Gbogbo Kérésìmesì ni Yèyé ń fi ìrẹsì Ìgbẹmọ ránṣẹ́ sí wa. Ìyá mi á sè é, á máa yìn ín. Èmi á ní inú ń run mí.

Ibojì náà wà létí gọ́tà, ní ọ̀kánkán igi ọsàn kan tó ṣẹ́ kù. Mi ò gbàgbé rẹ̀ rí. Ní Sátidé, Ìbídùn á dúró síbẹ̀ pẹ̀lú àwọn àbúrò rẹ̀, wọ́n á máa dúpẹ́ lọ́wọ́ mi, èmi á sì mú ọkọ́ dání. Bí mo bá sọ òtítọ́, á dé etí ìyá mi, tó ń dúpẹ́ títí dòní lórí ilé tí mo fi ilé ẹlòmíràn gbà sílẹ̀. Ìyá mi ti darúgbó. Bí mo bá sì dákẹ́, mo tún purọ́ fún wọn lórí ibojì bàbá wọn nìyẹn.

Ẹ̀yin àgbà, ẹ̀yin òbí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbà mí nímọ̀ràn. Láti ọjọ́ tí wọ́n ti da ọ̀dà síbẹ̀, mi ò lè kọjá láì dúró díẹ̀ kí n sọ ọ́ sínú pé, "Àgò onílé o." Mo máa ń tan ara mi pé onílé ṣì wà ní Ìgbẹmọ, pé lọ́jọ́ kan màá lọ bá a, á sì dá mi lóhùn. Ní báyìí, ta ni yóò dá mi lóhùn pé àgò yà?