Fèrè Tuntun Àbúrò Yín

Rárá o, ẹ̀gbọ́n mi, mi ò ní jókòó! Ẹ ṣáà dá ẹsẹ̀ dúró lórí ẹ̀rọ ìránṣọ yẹn kí ẹ gbọ́ tèmi, àbúrò yín ti pa mí, ọkọ mi pa mí láì fi ọ̀bẹ kàn mí, fèrè ló fi pa mí, ẹ jọ̀ọ́ ẹ má rẹ́rìn-ín, fèrè ni mo wí!

Ẹ mọ fèrè mi. Ẹ ò mọ̀ ọ́n kẹ̀? Èyí tó ga jù mí lọ yẹn, onígi dúdú, tí wọ́n ká irin ẹnu rẹ̀ bí ìfun, tí wọ́n máa ń gbé èmi àti òun sẹ́yìn pátá níbi tí ẹnikẹ́ni kì í wò. Àádọ́rin ni wá nínú ẹgbẹ́ olórin wa, onígòjé, onífèrè, onílù, nínú gbogbo wọn èmi ni mo wà nísàlẹ̀ jù, ohùn mi ni ilẹ̀ tí àwọn yòókù ń tẹ̀. Ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n! Fèrè náà ní àbùkù, mi ò ní purọ́, ó ń kùn bí inú ẹni tí ebi ń pa, bí àwọn onígòjé bá sì ti fa ọwọ́ báyìí, ó tán, kò sẹ́ni tó gbọ́ mi mọ́.

Àbúrò yín, alátùn-únṣe fèrè, ní ojú òun ò gbà á kí n máa fẹ́ ẹ̀mí mi dànù sínú igi tí kò gbọ́ràn. Ó ní òun á tún un dá láti ìpìlẹ̀. Ó ní, “Ìyàwó mi, tìẹ ni mo fẹ́ ṣe.” Tìẹ! Ẹ gbọ́ o! Ọdún mẹ́sàn-án, ẹ̀gbọ́n mi, ni mo fi jókòó sórí àpótí nínú ṣọ́ọ̀bù yẹn, tí eruku igi ń wọ̀ mí nímú, ó gbẹ́ ọ̀kan, mo fọn ọ́n, mo ní kò dáa, ó tún gbẹ́ òmíràn. Ó fẹ inú rẹ̀ sí i, ó tú gbogbo bọ́tìnì tí ìka ń tẹ̀ lára rẹ̀ ká, tòkè bọ́ sísàlẹ̀, tìsàlẹ̀ gòkè. Bọ́tìnì ohùn ìsàlẹ̀ pátá ló kàn mọ́ ọn kẹ́yìn, ó ní kí n má tíì fọwọ́ kàn án, pé iwájú gbogbo ayé ni n ó ti kọ́kọ́ tẹ̀ ẹ́.

Iwájú gbogbo ayé náà ni! Lọ́jọ́bọ̀ tó kọjá, ọ̀gá tó ń darí wa dúró, gbogbo ẹgbẹ́ pé, àbúrò yín wọ kóòtù, ó gbé e lé mi lọ́wọ́ bí ẹni gbé ọmọ fún ìyá rẹ̀. Mo fọn ọ́n. Ẹ̀gbọ́n mi, ó dáa! Pákó abẹ́ ẹsẹ̀ wa ń gbọ̀n, àwọn tó jókòó níwájú ń yíjú wẹ̀yìn. Mo ń sọ̀ kalẹ̀, mo ń sọ̀ kalẹ̀, ó wá ku ohùn ìsàlẹ̀ pátá, ìka ọmọńdinrín ọwọ́ òsì ni wọ́n fi ń tẹ̀ ẹ́ báyìí. Ìka yìí, ẹ wò ó, láti ọdún méjì tí oríkèé rẹ̀ ti wú, ṣé ó ń ká ni àbí ó ń nà? Mo nà án, kò dé. Mo tún nà án. Atẹ́gùn lásán ló jáde, fùùù, bíi táyà tó jò. Kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín. Ì bá sàn kí wọ́n rẹ́rìn-ín!

Ẹ mọ ohun tí àbúrò yín ṣe? Ó gba fèrè náà lọ́wọ́ mi, kò wojú mi, ó gbé e fún Ọ̀pẹ́lẹ́ńgẹ́, obìnrin tó ń jókòó tì mí, tí èmi fúnra mi kọ́ níṣẹ́, tí ìka rẹ̀ gùn bí àbẹ́là. Ohùn yẹn sì jáde. Ó jáde, ó dúró, ó kún inú gbọ̀ngàn títí dé òrùlé. Àbúrò yín bú sẹ́kún. Ẹni tí ojú rẹ̀ gbẹ táútáú lọ́jọ́ tí ẹ sin ìyá yín! Nínú mọ́tò, tá à ń lọ sílé, ó ní, “Ṣé o gbọ́ ọ?” Mo gbọ́ ọ kẹ̀! Etí ta ló tún kù tí kò gbọ́ ọ?

Lánàá ni ọ̀gá pè mí sí ọ́fíìsì, ohùn jẹ́jẹ́ ló fi sọ ọ́, ó ní fèrè àtijọ́ ò ní wọ gbọ̀ngàn mọ́, àga mi ti di ti Ọ̀pẹ́lẹ́ńgẹ́, kí èmi máa to ìwé orin nínú yàrá ẹ̀gbẹ́ àtẹ̀gùn. Kí n máa to bébà!

Kí lẹ wí? Kó sún bọ́tìnì náà mọ́ ìka mi? Ẹ rò pé mi ò bẹ̀ ẹ́? Mo bẹ̀ ẹ́ láàárọ̀ yìí. Ó jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, ó ń fi òróró ra ìka mi, ó ní bí bọ́tìnì bá sún, ihò abẹ́ rẹ̀ gbọ́dọ̀ sún, bí ihò bá sì sún, ohùn yẹn kú. Ó ní, “Àbí o ti gbàgbé ni?”

Mi ò gbàgbé, ìyẹn gan-an ló ń jẹ mí lọ́kàn! Ọ̀sán ọjọ́ òjò kan ni, lọ́dún kẹfà, ó ti lu ihò náà sára igi mẹ́rin, níbi ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀, mo dijú, mò ń fọn wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan, àtẹ́lẹwọ́ tirẹ̀ ló fi ń bo ihò fún mi torí bọ́tìnì ò tíì sí, nígbà tó kan ẹ̀kẹta mo pariwo, mo ní, “Ibí yìí ni! O ò gbọdọ̀ gbé e kúrò níbí láéláé!” Ẹnu mi yìí, ẹ̀gbọ́n mi! Èmi ni mo fi etí ara mi yan ibi tí ìka mi ò ní dé!

Kí ni kí n ní kó ṣe? Kó ba ohùn náà jẹ́? Èmi ni n ó kọ́kọ́ sọ pé kò dáa. Ta ni kí n mú? Ta ni kí n fi sílẹ̀?

Ẹ̀yin lẹ tọ́ ọ dàgbà, ẹ̀yin nìkan ló ń bẹ̀rù. Ẹ dìde, ẹ wọ bàtà, ẹ wá bá mi bú u. Ẹ pè é ní ọ̀dájú, ẹ pè é ní aláìmoore, irọ́ ni o, ẹ ṣáà pè é bẹ́ẹ̀. Èmi á dúró sẹ́yìn yín, n ó máa gbọ́. Ṣùgbọ́n ẹ tètè bú u tán o, torí bó bá ti dorí kodò báyìí, èmi ni n ó kọ́kọ́ ní kí ẹ dákẹ́.