Ta Ló Ní Kí N Pa Iná Ààrò Mi?

Ẹ jókòó, ọkọ mi. Mo ní ẹ jókòó! Ẹ má tíì gbé báàgì yẹn kọ́ èjìká. Ẹ̀gbọ́n yín ló fẹ́ mi wọ ilé yìí, wọ́n ti bí yín kí n tó dé, ìdí nìyẹn tí mo fi ń kúnlẹ̀ kí yín láràárọ̀, bẹ́ẹ̀ èmi náà ni mo ń fọ aṣọ ilé ìwé yín títí ẹ fi di lọ́yà. Lónìí, ẹ ó gbọ́ tẹnu mi.

Adájọ́ ní kóòtù òun ò láṣẹ láti gbọ́ ẹjọ́ wa. Ó ní ẹni tí ìjọba bá gba ilẹ̀ rẹ̀ ṣe títì, tí owó gbà-máà-bínú ò bá tẹ́ ẹ lọ́rùn, ìgbìmọ̀ ilẹ̀ ni kó kọ́kọ́ lọ bá, ìyẹn ò bá ṣe é, ìgbà náà ló tó lè dé iwájú òun. Gbogbo wa la lanu sílẹ̀! Àfi ẹ̀yin. Ẹ ti ń ká ẹ̀wù dúdú yín kó tó parí ọ̀rọ̀. Ṣé ẹ ti mọ̀ tẹ́lẹ̀ ni? Láti ìgbà wo?

A tún dé ọ̀dẹ̀dẹ̀ kóòtù, lọ́yà ìjọba ń bá yín tún kọ́là ṣe, ó ń rẹ́rìn-ín, ẹ̀yin náà ń rẹ́rìn-ín. Ẹ ní kí ni? Ẹ jọ lọ ilé ìwé? Ẹ̀hẹn! Ó dáa bẹ́ẹ̀. Kí ló dé tí mi ò gbọ́ ọ rí títí dòní?

Ẹ jẹ́ ká tiẹ̀ fi ti kóòtù sílẹ̀. Ta ló ní kí n pa iná ààrò mi? Ààrò búrẹ́dì tí ẹ̀gbọ́n yín fọwọ́ ara rẹ̀ mọ, tí kò tutù rí láti ọjọ́ tó ti dáná sí i! Bó ṣe ń kú lọ, ààrò ló ń béèrè. Ẹ̀yin lẹ wá síbí, ẹ ní àwọn tó ń díye lé ilẹ̀ ń bọ̀, ẹ ní ooru ò ní jẹ́ kí wọ́n rí inú rẹ̀ wò, kí n pa iná. Mo pa á. Ẹkún ni mo fi kó eérú ọjọ́ náà. Wọ́n dé, wọ́n yọjú wo inú tútù, wọ́n ní òkìtì bíríkì tí ẹnikẹ́ni ò lò mọ́ ni. Òkìtì bíríkì! Ilé búrẹ́dì tó tọ́ ọmọ ẹ̀gbọ́n yín!

Àjẹ́ ké lánàá, ọmọ kú lónìí. Ẹ parí rẹ̀ fúnra yín.

Àṣìṣe? Ẹ pa iná mi, àṣìṣe. Ẹ gbé mi lọ sí kóòtù tí kò láṣẹ, àṣìṣe. Ṣé ọ̀nà ilé mi nìkan ni àṣìṣe mọ̀ ni? Bóyá ẹ ò sì gba nǹkan kan lọ́wọ́ wọn o. Bóyá ìtìjú ni, ẹ ò fẹ́ kí n mọ̀ pé ẹ ṣìnà. Mi ò mọ̀! Àìmọ̀ yẹn gan-an ni kì í jẹ́ kí n sùn.

Ẹ má wo ilẹ̀kùn, mo ti tì í.

Mo ti rí lọ́yà mìíràn, obìnrin kúkúrú tó jókòó lẹ́yìn ní kóòtù. Ó ní àyè ṣì wà, ìgbìmọ̀ ilẹ̀ ṣì lè gbọ́ tiwa. Ó ní ẹnìkan péré lòun ń wá, ẹni tó máa sọ pé ààrò yìí ń ṣiṣẹ́, tó sì máa dárúkọ ẹni tó ní kí n pa á.

Ó yá, ẹ ká ọwọ́ aṣọ yín sókè. Igi wẹ́wẹ́ la ó fi bẹ̀rẹ̀, díẹ̀díẹ̀, kí bíríkì má baà là. Ẹ fẹ́ ẹ dáadáa, ẹ jẹ́ kí èéfín rẹ̀ wọ̀ yín lójú. Lọ́jọ́ tí ìgbìmọ̀ bá pè wá, ẹ fi ẹ̀wù dúdú yẹn sílẹ̀ nílé. Ẹ kì í ṣe lọ́yà mi mọ́, ọkọ mi. Ẹlẹ́rìí mi ni yín.