Ìwé Ìdìbò Tó Lẹ̀ Mọ́ Ìsàlẹ̀ Agolo Wàrà

Alága wa, Ìyáàfin Birthe Lykkegaard. Ẹ̀yin àgbà tẹ́ ẹ jókòó níwájú. Ẹ̀yin àlejò wa láti àwọn abúlé àyíká. Ẹ̀yin ìyá tẹ́ ẹ ti ń se kọfí láti àárọ̀. Ẹ̀yin ọmọ ẹgbẹ́ aláfọwọ́sowọ́pọ̀ ilé iṣẹ́ wàrà Hvidmose, mo kí gbogbo yín. Ẹ̀yin èèyàn mi, ẹ kú ìkàlẹ̀.

Ọdún méjìlélọ́gbọ̀n ni èmi Ejnar Krogh fi bójú tó ìdìbò níbí. Òní ni mo gbé e sílẹ̀. Ta ni kò mọ̀ pé orí èèyàn la ń kà nínú ẹgbẹ́ yìí, a kì í ka orí màlúù? Ẹni tó ní ọgọ́rùn-ún màlúù àti ẹni tó ní mẹ́rin, ìwé ìdìbò kọ̀ọ̀kan ni wọ́n ń jù sínú agolo wàrà tí a fi ń ṣe àpótí ìbò. Olóògbé Holger, tó ní màlúù jù nínú wa, máa ń sọ pé, "Ejnar, àwọn màlúù mi ń bínú sí ẹ o!" Èmi náà á ní, "Ẹ ní kí wọ́n wá kọ orúkọ sílẹ̀ ná." Ẹ ti ń rẹ́rìn-ín. Àárò ẹ̀rín yín yìí máa sọ mí gan-an.

Ṣùgbọ́n àárò ẹnì kan ti ń sọ mí láti ọdún mọ́kàndínlógún, ó sì wà nínú gbọ̀ngán yìí. Frode Damgaard, mo rí ẹ lẹ́yìn lọ́hùn-ún. Mo mọ̀ pé ọmọ rẹ ló bẹ̀ ẹ́ kó o tó wá. Ẹ̀yin èèyàn mi, èmi àti Frode jọ dàgbà ni. Nígbà tí ìyàwó mi kú, ta ló ń bá mi fún wàrà àwọn màlúù mi fún odidi oṣù kan? Frode ni, kò sì jẹ́ kí n dúpẹ́. Ó ní, "Lọ sùn jàre, ojú ẹ burú."

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ lè má mọ ohun tó ṣẹlẹ̀. Frode àti Holger jọ du ipò alága. Mo ka ìbò níwájú gbogbo èèyàn: Holger méjìlélọ́gọ́ta, Frode mọ́kànlélọ́gọ́ta. Ìwé orúkọ sì sọ pé èèyàn mẹ́rìnlélọ́gọ́fà ló wá dìbò. Ìwé kan dín. Mo ní bóyá ẹnì kan ti sá lọ mu kọfí. Mo kó gbogbo rẹ̀ sínú iná ìléru lójú ẹsẹ̀, bí a ti máa ń ṣe, torí gbogbo wa la mọ ọwọ́ ìkọ̀wé ara wa, a ò sì fẹ́ kí ẹnikẹ́ni máa wádìí ẹni tó dìbò fún ta ni. Frode ní kí n tún un kà. Kí ni mo fẹ́ kà? Eérú? Ó wò mí títí, ó ní, "Ejnar, ìwọ náà ò dìbò fún mi." Látìgbà yẹn ló ti ń gbé wàrà rẹ̀ lọ sí abúlé mìíràn.

Ẹ gbọ́ ẹ̀bi mi. Lọ́jọ́ kejì, mo dojú agolo dé kí n lè fọ̀ ọ́. Ìwé kan lẹ̀ mọ́ ìsàlẹ̀ rẹ̀ nínú lọ́hùn-ún pinpin. Èmi ni mo fọ agolo náà láàárọ̀ ìdìbò tí mi ò nù ún gbẹ, alábòójútó ló sì máa ń kọ́kọ́ dìbò. Orúkọ Frode ló wà nínú ìwé náà. Ọwọ́ ìkọ̀wé mi ni. Ìbò dọ́gba, òfin wa sì ní ká tún un dì. Àmọ́ ta ló máa gbà mí gbọ́? Ìwé tí èmi kọ, tí èmi nìkan rí! Mo jù ú sínú iná. Mo ń sọ fún ara mi pé nítorí àlàáfíà ni. Irọ́ ni. Ẹ̀rù ló bà mí. Holger kò mọ̀ sí i títí ó fi kú. Mi ò ní ẹ̀rí kankan lọ́wọ́ lónìí ju ẹnu mi lọ. Ẹ dárí jì mí.

Ẹni tó bá máa gba ipò mi, jọ̀ọ́, máa dojú agolo kọlẹ̀ níwájú gbogbo ọmọ ẹgbẹ́, kí ìdìbò tó bẹ̀rẹ̀ àti nígbà tó bá parí. Ti ìwé ìdìbò mọ́ inú àpótí fún oṣù kan kó o tó sun ún. Bí ìwé kan bá dín, má tíì kéde ẹnikẹ́ni, kódà kí kọfí tutù.

Kí Ọlọ́run bá wa ṣọ́ ẹgbẹ́ yìí. Kí màlúù yín máa bí, kí koríko yín máa yọ, kí ẹni tó fìdí rẹmi níbí lè bá ẹni tó borí jókòó sídìí tábìlì kan náà.

Frode, mo rí i pé o ti ń wá fìlà rẹ. Mi ò ní kó o dá mi lóhùn níwájú èrò. Àmọ́ tó o bá ń lọ, jọ̀ọ́, dúró dè mí lẹ́nu ọ̀nà. Ọ̀nà kan náà la ń gbà lọ sílé. Ẹ ṣé o.